Ẹ Ka Orí Kí Ẹ Tó Wá Họ́ọ̀lù

Sátidé méjìléláàádọ́ta péré ló wà nínú ọdún, àwọn sì ni ọjà tí gbogbo onígbọ̀ngàn ayẹyẹ ní Èkó ní láti tà. Ẹ yọ àwọn tó bọ́ sínú ààwẹ̀ Ràmàdánì kúrò, ẹ yọ àwọn tó bọ́ sínú Lẹ́ńtì tí ọ̀pọ̀ ìjọ kì í so tọkọtaya pọ̀, ẹ yọ àwọn tí òjò oṣù Kẹfà máa ń bà jẹ́. Ìwọ̀nba tó kù ni gbogbo ìlú ń bára wọn dù. Ìdí nìyẹn tí họ́ọ̀lù kan náà, àga kan náà, jẹnẹrétọ̀ kan náà, fi lè jẹ́ iye kan ní Ọjọ́bọ̀ inú oṣù Kejì, tí owó rẹ̀ yóò sì fò sókè nígbà tó bá di Sátidé oṣù Kejìlá, tí àwọn ọmọ wa tó wà ní London àti Houston bá ti bọ́ọ́lẹ̀ pẹ̀lú pọ́n-ùn àti dọ́là. Ẹni tó fẹ́ pe 600 ènìyàn sí ìgbéyàwó láìjẹ gbèsè gbọ́dọ̀ mọ̀ pé iye èrò àti ọjọ́ ló ń pinnu owó. Ògiri àti iná aláràbarà, ẹ̀yìn ni wọ́n ń tò sí.

Àmọ́ ibi tí ọ̀pọ̀ ẹbí ti ń bẹ̀rẹ̀ nìyí: ìyá ìyàwó lọ sí ìnáwó ọmọ ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní Victoria Island, ó rí àjà tí wọ́n fi òdòdó bò, ó délé, ó ní ibẹ̀ lòun náà fẹ́. Láti ọjọ́ yẹn lọ, orúkọ họ́ọ̀lù ni gbogbo ilé ń pè, kò sẹ́ni tó ń ka orí. Ìwọ̀n eku nìwọ̀n ìtẹ́, àwọn àgbà ti sọ ọ́ tán.

Orí kíkà yìí kò sì rọrùn bó ṣe ń dún lẹ́nu. Ìgbéyàwó Yorùbá kan kì í ní ìwé orúkọ kan ṣoṣo. Ti bàbá wà: ibi iṣẹ́, ẹgbẹ́ ọmọ ìlú, àwọn tí wọ́n jọ jáde ilé ìwé. Ti ìyá wà, òun ló sì máa ń gùn jù: ẹgbẹ́ ọjà, ẹgbẹ́ inú ìjọ tàbí àsàlátù, àwọn tí ìyá ti ra aṣọ ẹbí lọ́wọ́ wọn rí, tí àwọn náà gbọ́dọ̀ wá san án padà. Ti tọkọtaya fúnra wọn wà. Ti àna wà, èyí tí kì í dé títí yóò fi ku ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Lẹ́yìn gbogbo wọn ni àwọn mo-gbọ́-mo-yà, tí ẹnikẹ́ni kò kọ orúkọ wọn sílẹ̀, tí wọn yóò sì ti jókòó síwájú kí ẹni tí ẹ fìwé pè tó dé.

Bí ẹnikẹ́ni bá bi mí léèrè bí a ṣe ń mọ iye tó máa wá ní tòótọ́, n kì í ní kó wo ìwé orúkọ. Alásè ni kó lọ bá. Kó wá alásè tó se ìnáwó ńlá tó kẹ́yìn nínú ẹbí náà, ìsìnkú bàbá àgbà ni o, ọjọ́ ìbí ọgọ́ta ọdún ni o, kó béèrè iye abọ́ tó bù lọ́jọ́ náà. Alásè kì í gbàgbé, torí abọ́ ló fi ń gbowó. Ohun kejì ni owó aṣọ ẹbí: ẹni tó ti sanwó aṣọ ti pinnu àtiwá, ẹni tó ní "màá rí i" kò tíì pinnu nǹkan kan. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí ẹ ti mú họ́ọ̀lù kí aṣọ ẹbí tó jáde, nítorí náà, iye abọ́ alásè ni kí ẹ kọ́kọ́ fi ṣírò, kí owó aṣọ wá tún un ṣe bó bá yá.

Ẹ tún rántí pé èrò ìgbéyàwó Èkó kì í jókòó pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Àwọn tó bá tọkọtaya jáde ní ṣọ́ọ̀ṣì á ti débẹ̀ ní aago kan ọ̀sán, wọ́n á ti jẹun tán ní aago mẹ́ta. Àwọn tó ní òde mẹ́ta lọ́jọ́ kan náà, tí wọ́n ń pààrọ̀ gèlè nínú mọ́tò lórí Third Mainland Bridge, á di aago mẹ́rin kọjá kí wọ́n tó wọlé. Fún 600 ènìyàn tí ẹ pè, mo gbà pé àga 500 nínú họ́ọ̀lù tó, bí ọgbà ibẹ̀ bá ní àyè tí ẹ lè na kánópì méjì sí fún àwọn ọ̀dọ́ tí kò tilẹ̀ fẹ́ jókòó sínú ilé. Máníjà mìíràn kì í fẹ́ rí kánópì nínú ọgbà rẹ̀, ẹ béèrè kí ẹ tó sanwó.

Lẹ́yìn orí kíkà, ẹ fura sí iye tí wọ́n kọ sára ìwé ìpolówó. Bí họ́ọ̀lù bá ní òun gba 500, ẹ béèrè irú ìjókòó tó ń sọ. Àga tí wọ́n tò lẹ́yìn ara wọn láìsí tábìlì, bí wọ́n ṣe ń tò ó nílé ìjọsìn, ni wọ́n sábà fi ń ka iye tó pọ̀ jù. Ìgbéyàwó wa kò gba ìyẹn. Tábìlì roboto ẹlẹ́ni mẹ́wàá la ń lò, ìbú rẹ̀ jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 6, ìyẹn nǹkan bíi mítà 1.8. Tí ẹ bá ka àga tó yí i ká mọ́ ọn, àti ọ̀nà tí àwọn tó ń gbé oúnjẹ máa gbà, tábìlì kan ń jẹ tó mítà onígun mẹ́rin 10 sí 12. Ẹ wá mú họ́ọ̀lù tí ìbú rẹ̀ jẹ́ mítà 20, tí òòró rẹ̀ jẹ́ 30. Mítà onígun mẹ́rin 600 ni gbogbo rẹ̀. Ẹ yọ ibi ìjókòó tọkọtaya, ibi tí báńdì máa dúró, tábìlì kéèkì, àti ojú ijó tí wọ́n ti máa náwó fún ìyàwó. Ó kéré tán, 130 ti lọ. Ohun tó ṣẹ́ kù kò gbà ju nǹkan bíi tábìlì 40 lọ, ènìyàn 400 nìyẹn. Ẹni tó bá pè é ní 500 ń retí kí àwọn àlejò yín máa fi ìgbọ̀nwọ́ gún ara wọn jẹun. Ẹ mú tépù ìdíwọ̀n dání tí ẹ bá ń lọ wò ó. Inú máníjà lè má dùn sí i, ẹ ṣáà wọ̀n ọ́n.

Wàyí o, owó. Iye tí wọ́n bá kọ́kọ́ pè fún yín kì í ṣe iye tí ẹ máa san. Dísẹ̀lì wà nídìí rẹ̀: jẹnẹrétọ̀ 200 kVA tó ń gbé ẹ̀rọ amúlétutù họ́ọ̀lù ńlá lè mu lítà 30 sí 40 láàárín wákàtí kan, ẹ sì mọ̀ pé ìnáwó wákàtí mẹ́jọ kì í ṣe tuntun. Owó kọ́ṣọ̀n wà, èyí tí wọ́n ń gbà dání bóyá ẹ ó fọ́ nǹkan, tí wọ́n ní àwọn yóò dá a padà. Àwọn họ́ọ̀lù kan ní alásè àti dẹ́kọ́rétọ̀ tiwọn. Bí ẹ bá mú tiyín wá láti ìta, oníṣẹ́ yẹn ní láti sanwó ìwọlé, orí yín ló sì máa bọ́ sí nígbẹ̀yìn. Wọ́n lè gbowó lórí ọtí tí ẹ rà wá fúnra yín. Owó àwọn tó ń gbálẹ̀, owó ẹ̀ṣọ́, owó wákàtí àfikún tí ijó kò bá tán lásìkò. Àga gan-an lè má sí nínú rẹ̀, tàbí kó jẹ́ àga oníke ló wà níbẹ̀ nígbà tí ìyàwó ti fọkàn sí àga Tiffany. Owó orí VAT, tó di ìdá 7.5 nínú ọgọ́rùn-ún ní 2020, wà níbẹ̀, òfin ìpínlẹ̀ Èkó ti ọdún 2009 sì tún fi ìdá 5 lé owó hòtẹ́ẹ̀lì, ilé oúnjẹ àti gbọ̀ngàn ayẹyẹ.

Ẹ jẹ́ kí á fi àpẹẹrẹ lásán ṣe é, kì í ṣe iye họ́ọ̀lù kankan ní pàtó. Họ́ọ̀lù àkọ́kọ́ ní ₦2,500,000 fún 500 ènìyàn. Dísẹ̀lì ₦400,000. Àga àti tábìlì yíyá, ₦1,200 lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan, ₦600,000. Owó ìwọlé alásè, dẹ́kọ́rétọ̀ àti ọlọ́tí, pẹ̀lú owó ìgbálẹ̀ àti ẹ̀ṣọ́, ₦550,000. Owó orí méjèèjì lórí iye àkọ́kọ́, ₦312,500. Ó ti di ₦4,362,500, ìyẹn ₦8,725 lórí àlejò kan kí ó tó fẹnu kan omi. Họ́ọ̀lù kejì ní ₦3,600,000, pẹ̀lú àga, iná, ìgbálẹ̀ àti owó orí, kò sì gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ oníṣẹ́ yín. ₦7,200 lórí àlejò kan ni. Èyí tí ẹ sá fún nítorí pé ó wọ́n ni èyí tó dínwó. Bí ẹ bá tún lọ wọn họ́ọ̀lù àkọ́kọ́ tí ẹ rí i pé 350 ló gbà ní tòótọ́, tí ẹ sì dín àga tí ẹ yá kù, àlejò kan ti di ₦11,950. Ìbéèrè kan ṣoṣo ló yẹ kí ẹ máa bi máníjà, kí ó sì kọ ìdáhùn rẹ̀ sílẹ̀: "Ẹ jọ̀ọ́ sà, gbogbo owó tí yóò jáde lápò mi títí a ó fi kó ẹrù kúrò níbí, èló ni?"

Láti 2023, tí ìjọba yọ owó ìrànwọ́ orí epo bẹntiróòlù, tí náírà sì já wálẹ̀, iye tí ẹ gbọ́ ní oṣù Kìíní lè ti yí padà ní oṣù Kẹrin. Ẹ má fi ohun tí ọ̀rẹ́ yín san ní ọdún méjì sẹ́yìn ṣe ìṣirò rárá.

Níbo wá ni ká lọ? Àwọn họ́ọ̀lù tí orúkọ wọn ń dún, bíi Eko Hotel, Landmark ní Oniru tàbí Harbour Point ní Victoria Island, ẹni tó lówó wọn mọ ara rẹ̀. N kò bá wọn jà. Orúkọ náà wà nínú ohun tí wọ́n ń tà. Ẹni tí àpò rẹ̀ kò gba ìyẹn kó yí ojú sí ilé tí wọ́n kọ́ fún iṣẹ́ mìíràn, tí ìgbéyàwó kàn ń yá lò lópin ọ̀sẹ̀. Ilé ìwé gíga ni mo kọ́kọ́ máa ń dárúkọ. Yunifásítì Èkó ní Akoka ní àwọn gbọ̀ngàn ńlá, YabaTech ní gbọ̀ngàn Yusuf Grillo, ilẹ̀ ìgbọ́kọ̀sí sì wà níbẹ̀ dáadáa, ohun tí kò sí ní ọ̀pọ̀ họ́ọ̀lù tó wà lójú títì. Lẹ́yìn wọn ni gbọ̀ngàn àwọn ẹgbẹ́ oníṣòwò àti agbanisíṣẹ́, àti ti ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n: agbègbè Alausa sí Agidingbi nìkan ní gbọ̀ngàn ilé ẹgbẹ́ agbanisíṣẹ́ NECA, ti ẹgbẹ́ oníṣòwò LCCI, àti Blue Roof inú ọgbà tẹlifíṣọ̀n LTV. Mẹ́ẹ̀sì àwọn ológun àti ọlọ́pàá wà pẹ̀lú. Ó dáa kí ẹnì kan nínú ẹbí mọ ọ̀gá níbẹ̀, kí àwọn àlejò sì mọ̀ pé ẹnu géètì ológun kì í ṣe ibi tí à ń ya fọ́tò gèlè.

Ilé ìjọsìn ló sábà máa ń dínwó jù lọ fún ọmọ ìjọ, ó tún ń gba ènìyàn lọ́wọ́ súnkẹrẹ fàkẹrẹ láti ibi ìsopọ̀ lọ sí ibi àpèjẹ. Ṣùgbọ́n ẹ ka òfin wọn kí ẹ tó yọ̀. Ọ̀pọ̀ kì í gba ọtí. Òmíràn kò fẹ́ fújì tàbí jùjú tí kì í ṣe ti ẹ̀mí. Òmíràn ń pa iná ní aago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́ nítorí ìsìn àṣálẹ́. Bí bàbá ìyàwó bá ti pe báńdì tó ń yin ènìyàn títí ilẹ̀ á fi ṣú, kó má tilẹ̀ yọjú síbẹ̀.

Àwọn òbí wa kò ní ìdààmú yìí. Wọ́n á dí ojú pópó, wọ́n á na kánópì láti ìkángun kan dé èkejì, wọ́n á gbé báńdì sórí pátákó, àdúgbò á dá sí i. Lónìí, ẹni tó bá dí títì ní Èkó láìgbàṣẹ ń wá ìjọba ni, àwọn aládùúgbò náà kì í sì í fara dà á mọ́. Ohun tí ó ṣì dára nínú àṣà náà ni ilẹ̀ gbalasa: pápá ilé ìwé, ọgbà ilé ẹbí tó fẹ̀. Owó ilẹ̀ kéré, àmọ́ àgọ́ ńlá, ilẹ̀ pátákó, iná, ilé ìgbọ̀nsẹ̀ alágbèéká, gbogbo rẹ̀ ni ẹ ó yá. Tí ẹ bá ṣírò rẹ̀ tán, ó lè ju họ́ọ̀lù lọ. Mi ò fọwọ́ sí i láàárín oṣù Kẹrin sí oṣù Keje, bẹ́ẹ̀ ni mi ò fọwọ́ sí i ní oṣù Kẹsàn-án àti Kẹwàá tí òjò tún máa ń padà wá.

Ibi tí ẹ ti lè rí ẹ̀dínwó tó ṣe gúnmọ́ ni ọjọ́. Àwọn Mùsùlùmí ti mọ èyí tipẹ́. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ń so yìgì ní ọjọ́ Sọ́ńdè, ọwọ́ wọn sì ń tó họ́ọ̀lù tó dáa. Oṣù Kìíní lẹ́yìn ọdún tuntun máa ń tutù, àwọn onígbọ̀ngàn á sì máa wá oníbàárà. Ìdána ní Ọjọ́bọ̀, ìgbéyàwó ní Sátidé, họ́ọ̀lù méjì, dẹ́kọ́rétọ̀ lẹ́ẹ̀mejì, oúnjẹ lẹ́ẹ̀mejì: èyí ni mo rí pé ó ń pa àwọn ẹbí jù. Ẹ ṣe méjèèjì lọ́jọ́ kan. Alága ìdúró àti alága ìjókòó bẹ̀rẹ̀ ní aago mẹ́jọ àárọ̀, wọ́n parí ní mọ́kànlá, tọkọtaya lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, àwọn oníṣẹ́ tún họ́ọ̀lù ṣe, àpèjẹ bẹ̀rẹ̀ ní aago méjì. Ohun tó máa ń da ètò yìí rú ni alága tó fẹ́ràn owó ìnáwó orí ijó. Ẹ bá a sọ ọ́ tẹ́lẹ̀ pé aago mọ́kànlá ni mọ́kànlá.

Àwọn kan ń kó ìgbéyàwó jáde kúrò ní Èkó pátápátá, lọ sí Ìbàdàn, Abẹ́òkúta tàbí Ìjẹ̀bú. Owó họ́ọ̀lù máa ń rọjú níbẹ̀. Láti oṣù Kẹfà 2021 ni ọkọ̀ ojú irin ti ń gbé èrò láti ibùdókọ̀ Mobolaji Johnson ní Ebute Metta lọ sí Mọníyà ní Ìbàdàn, nítorí náà kò pọn dandan kí gbogbo àlejò bá títì wọ̀yá ìjà. Àmọ́ ẹ ṣírò yàrá hòtẹ́ẹ̀lì àwọn àgbà àti bọ́ọ̀sì tí yóò kó ẹbí mọ́ ọn. Bí ọ̀kan nínú ẹbí méjèèjì bá jẹ́ ọmọ ibẹ̀, ó bójú mu. Bí kò bá rí bẹ́ẹ̀, ìdajì àwọn tí ẹ pè kò ní wá. Ìyá mìíràn á sì sọ fún yín ní kọ̀rọ̀ pé ohun tí òun ń fẹ́ gan-an nìyẹn.

Tí ẹ bá ti rí méjì tàbí mẹ́ta tó wọ̀ yín lójú, ẹ má lọ wò ó ní Túsìdeè tí gbogbo ibẹ̀ mọ́ tónítóní. Ẹ lọ ní Sátidé, ní nǹkan bí aago mẹ́rin, nígbà tí ìnáwó ẹlòmíràn bá ń lọ lọ́wọ́. Ẹ wo ìlà tó wà níwájú ilé ìgbọ̀nsẹ̀ obìnrin. Ihò mẹ́ta kò tó 300 obìnrin tó wọ aṣọ òkè àti gèlè, àwa tí a ti dúró síbẹ̀ rí la mọ̀. Ẹ wo bóyá omi ń yọ. Ẹ wo ibi tí alásè ń gbé ìkòkò kalẹ̀, bóyá orí rẹ̀ ni òjò ń rọ̀ sí. Ẹ gbọ́ bí ariwo ṣe ń jáde síta: LASEPA, àjọ ìjọba tó ń bójú tó àyíká, máa ń ti ilé tí ariwo rẹ̀ bá pọ̀ jù pa, ẹ kò sì ní fẹ́ kó jẹ́ ọ̀sẹ̀ tiyín. Ẹ béèrè ìwé àṣẹ wọn láti ọ̀dọ̀ Lagos State Safety Commission. Ẹ ka ilẹ̀kùn tí ènìyàn lè gbà sá jáde, kí ẹ sì rí i pé wọ́n ṣeé ṣí. Ẹ wo ibi ìgbọ́kọ̀sí, kí ẹ bi ẹ̀ṣọ́ ẹnu géètì, kì í ṣe máníjà, ibi tí mọ́tò ń lọ tí inú ọgbà bá kún. Tó bá ní "ẹ̀gbẹ́ títì ni", LASTMA, àjọ tó ń darí ọkọ̀ lójú títì Èkó, ló máa bá yín parí rẹ̀.

Owó sísan ló kù. Ejẹ́ǹtì pọ̀ nínú òwò yìí, àwọn kan sì ń ta Sátidé kan fún ènìyàn méjì. Orúkọ ilé iṣẹ́ ni kí owó lọ sí ní báńkì, kì í ṣe orúkọ ẹnì kan. Kí risíìtì gbé ọjọ́, aago ìbẹ̀rẹ̀ àti aago ìparí. Kí ìwé àdéhùn sọ ọjọ́ tí kọ́ṣọ̀n yóò padà àti ohun tí wọ́n lè yọ nínú rẹ̀. Kí ó tún sọ ohun tó máa ṣẹlẹ̀ bí ìjọba bá dá ìpéjọpọ̀ dúró. Ní alẹ́ ọjọ́ 30 oṣù Kẹta 2020 ni wọ́n ti Èkó àti Abuja pa nítorí àrùn kòrónà, ọ̀pọ̀ tọkọtaya tó ti sanwó kò sì ní ìlà kan nínú ìwé wọn tó sọ bóyá wọ́n á sún ọjọ́ síwájú tàbí wọ́n á gba owó padà. Ìlà yẹn kò gbà ju gbólóhùn méjì lọ. Bí onígbọ̀ngàn bá kọ̀ láti kọ ọ́, ẹ wá òmíràn.

Ẹ̀yin ẹbí ọkọ, ẹ̀bẹ̀ kan wà tí mo ní láti bẹ̀ yín: ẹ mú ìwé orúkọ tiyín wá ní oṣù mẹ́fà sí ọjọ́ náà, kí ó sì jẹ́ iye tí ẹ máa dúró lé. Àádọ́jọ ènìyàn tí ẹ bá fi kún un lẹ́yìn tí wọ́n ti sanwó họ́ọ̀lù tán, ẹbí ìyàwó ló máa wá àga fún wọn.